Ẹ̀bi Ta Ni? Ọ̀rọ̀ Ẹlẹ́ṣin àti Ọmọ Rẹ̀

Ọ̀rọ̀ tòní dá lórí eré kan tí Wọlé Ṣóyínká kọ ní èdè Gẹ̀ẹ́sì ní 1975. Akínwùmí Ìṣọ̀lá ti túmọ̀ rẹ̀ sí Yorùbá, ó pè é ní Ikú Olókùn-Ẹṣin. Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní Ọ̀yọ́ lẹ́yìn tí Aláàfin Ládìgbòlù wàjà ní 1944 ni wọ́n fi ṣe eré náà. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì ni ó ń ṣe ìjọba Nàìjíríà nígbà náà.

Ta ni à ń pè ní Olókùn-Ẹṣin? Ìjòyè tí ó súnmọ́ ọba pẹ́kípẹ́kí ni. Láyé ìgbà náà, gbogbo ohun tí ó bá fẹ́ láyé ni wọ́n máa ń fún un. Ṣùgbọ́n nígbà náà, ní òru tí wọn yóò bá sin ọba, òun náà gbọ́dọ̀ kú, kí ó lè bá ọba lọ.

Ẹlẹ́ṣin inú eré yìí ní àkọ́bí ọkùnrin kan, Olúńdé. Ajẹ́lẹ̀ òyìnbó ràn án lọ́wọ́ láti lọ kọ́ iṣẹ́ dókítà ní ìlú Gẹ̀ẹ́sì. Inú bí baba rẹ̀ gidigidi, ó ṣépè fún un, ó sì kọ̀ ọ́ lọ́mọ.

Nígbà tí Olúńdé gbọ́ pé ọba wàjà, ó wọ ọkọ̀ ojú omi bọ̀ wálé láti sin baba rẹ̀. Ẹ kíyè sí i: baba kò tíì kú! Ṣùgbọ́n ọmọ mọ̀ pé ọjọ́ ti pé. Lórí omi ni ó ti ń ṣọ̀fọ̀ rẹ̀. Ẹni tí wọ́n ṣépè fún ni ó ń bọ̀ wá ṣe ojúṣe ọmọ.

Baba ńkọ́? Ní ọjọ́ náà gan-an, ó rí ọmọge kan lọ́jà, ó ní òun yóò fi ṣe aya. Wọ́n ti fẹ́ ẹ sọ́nà fún ẹlòmíràn, síbẹ̀ Ìyálọ́jà kò lè kọ̀ fún ẹni tí ó ń lọ sọ́run. Ẹlẹ́ṣin fi falẹ̀. Ajẹ́lẹ̀ dé, ó mú un, ikú sì yẹ̀ lórí rẹ̀. Nígbà tí ó rí ọmọ rẹ̀, ó wólẹ̀ lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Olúńdé sẹ́ ẹ, bí òun náà ti sẹ́ ọmọ rí.

Ọ̀pọ̀ ènìyàn ní òyìnbó ni ó bà á jẹ́. Èmi kò gbà bẹ́ẹ̀, Ṣóyínká alára sì kìlọ̀ níwájú ìwé náà pé kí á má ṣe kà á bẹ́ẹ̀. Ẹ wo Ẹlẹ́ṣin nínú àtìmọ́lé. Ó kọ́kọ́ di ẹ̀bi ru òyìnbó. Lẹ́yìn náà ni ó jẹ́wọ́ fún ìyàwó tuntun náà pé adùn ayé ti fa òun sẹ́yìn kí òyìnbó tó dé.

Ní òru kan náà, àwọn obìnrin ru òkú kan wá, wọ́n fi aṣọ bò ó. Ẹlẹ́ṣin rò pé ìránṣẹ́ tí yóò lọ bá ọba ni. Ìyálọ́jà ṣí aṣọ náà: Olúńdé ni. Ó ti kú dípò baba rẹ̀. Ẹlẹ́ṣin kò sọ gbólóhùn kan mọ́. Kí àwọn ẹ̀ṣọ́ tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, ó ti gba ẹ̀mí ara rẹ̀.