Orlando Martins: Ọmọ Èkó tí kò yẹ ká gbàgbé

Ní ìpàdé oṣooṣù wa kan, a ní kí àwọn ọ̀dọ́ dárúkọ àwọn àgbà òṣèré Yorùbá. Wọ́n dárúkọ Hubert Ogunde, Ade Love àti Baba Sala. Nígbà tí a dárúkọ Orlando Martins, gbogbo ilé dákẹ́. Ọmọkùnrin kan tí wọ́n bí sí Diobu wá bi wá pé, “Ẹ̀yin bàbá, ṣé Yorùbá nìyẹn náà?”

Ọmọ wa ni. Èkó ni wọ́n ti bí i ní 1899, nínú ìdílé Àgùdà, àwọn tí baba ńlá wọn padà bọ̀ láti Brazil. Ìdí nìyí tó fi ń jẹ́ orúkọ àwọn Potogí. Nígbà Ogun Àgbáyé Kìíní, ó ṣiṣẹ́ nínú ọkọ̀ ojú omi, lẹ́yìn náà ló fìdí kalẹ̀ sí London. Kò sí ẹni tó tẹ́ ẹní dè é níbẹ̀. Ó ṣe aláàrù, ó ṣe ọdẹ alẹ́, ó ja ìjàkadì fún owó. Àwa tí a wà lájò mọ bó ṣe ń rí.

Nígbà tó bọ́ sínú fíìmù, ipa kéékèèké ni wọ́n ń fún un. Ó wà nínú Sanders of the River ní 1935, níbi tí Paul Robeson ti kópa. Nínú Men of Two Worlds ní 1946, òun ni wọ́n fi ṣe oṣó ìlú. Nínú The Hasty Heart ní 1949, ó ṣe sójà tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, bẹ́ẹ̀ ó ti pẹ́ gan-an ní London! Ronald Reagan tó di ààrẹ Amẹ́ríkà ní 1981 wà nínú eré yẹn.

Àwọn kan nípàdé ní kò yẹ kó gba irú ipa bẹ́ẹ̀. Òótọ́ ni pé Sanders ń yin àwọn òyìnbó amúnisìn, a kò sì gbè é. Ṣùgbọ́n ẹni tó wà lájò kì í sábà rí iṣẹ́ tó wù ú. Èyí tó rí ni yóò ṣe tọkàntọkàn, kí ọ̀nà lè là fún ẹlòmíràn.

Inú wa dùn pé ó padà wálé. Ní 1970, ó kópa nínú Kongi's Harvest, níbi tí Wole Soyinka fúnra rẹ̀ ti ṣe Kongi. Lẹ́yìn náà, ó ṣe Obierika, ọ̀rẹ́ Okonkwo, nínú fíìmù tí wọ́n fi Things Fall Apart ṣe. Ọmọ Èkó ló ṣe ọ̀rẹ́ tòótọ́ nínú ìtàn Ìgbò. Ẹ̀kọ́ nìyẹn fún wa láàárín àwọn aládùúgbò wa. Èkó ló kú sí ní 1985.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, àwọn baba àti ìyá yín tó kọ́kọ́ dé Port Harcourt ńkọ́? Iṣẹ́ wo ni wọ́n kọ́kọ́ ṣe? Ta ló gbà wọ́n sílé? Ẹ bi wọ́n lónìí, kí ẹ sì kọ ọ́ sílẹ̀. Bí àgbà bá ti lọ, ìbéèrè kò ní olùdáhùn mọ́. Ire o.