Àwọn agbẹ́gilére Gẹ̀lẹ̀dẹ́: ta ni yóò gbẹ́ ìtàn abúlé wa?

Okpomèta, Kétu – Àwọn àgbà máa ń sọ pé ojú tó bá ti rí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ti dópin ìran. Ní Okpomèta níbí àti ní gbogbo ilẹ̀ Kétu, a kò nílò kí ẹnikẹ́ni ṣẹ̀ṣẹ̀ wá ṣàlàyé ọ̀rọ̀ náà fún wa. Ohun tí a kì í fi bẹ́ẹ̀ sọ ni orúkọ àwọn tó ń gbẹ́ igi tí ojú ń wò.

Ọ̀kan nínú wọn tí òkìkí rẹ̀ kàn lóde òní ni Kifouli Dossou. Ìlú Cové, lódìkejì odò Ouémé, ni wọ́n bí i sí ní 1978. Ilé agbẹ́gilére ló dàgbà sí. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀, Amidou Dossou, wà lára àwọn tí iṣẹ́ wọn dé ìpàtẹ ńlá kan ní Paris ní 1989. Kifouli náà gba ẹ̀bùn Orisha níbẹ̀ ní 2014.

Ìgbé ayé wa ojoojúmọ́ ni Kifouli ń gbẹ́. Nínú iṣẹ́ rẹ̀ kan tí wọ́n pè ní Le Sondage, wọ́n kọ́kọ́ bi àwọn ará ìlú léèrè ohun tó ń jẹ wọ́n lọ́kàn. Ìdáhùn wọn ni ó wá gbẹ́ sórí igi Gẹ̀lẹ̀dẹ́. Ẹni tí kò mọ̀wé kà lè wò ó, kó sì mọ ohun tí aládùúgbò rẹ̀ ń sọ.

Àtijọ́ ni irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ti wà. Bí ẹ bá wo igi Gẹ̀lẹ̀dẹ́ dáadáa, ẹ ó rí i pé ojú ènìyàn ló wà nísàlẹ̀, ó tutù, ó parọ́rọ́, nítorí àwọn ìyá wa ni a fi ń yẹ́ sí. Òkè orí ni ìtàn máa ń wà: àgbẹ̀ àti ọkọ́ rẹ̀, ìyá tó ru igbá lọ sọ́jà, ẹyẹ àti ejò tó ń jà, ẹni tó gun alùpùpù. Agbẹ́gilére yóò fi àáké lé igi náà, yóò dán an, yóò fín in, kó tó kùn ún lọ́dà. Òmíràn ní okùn tí wọ́n ń fà kí ère orí rẹ̀ lè máa mira. Ohun tí ẹlẹ́fẹ̀ fi orin sọ lóru, igi yóò tún un sọ lọ́sàn-án.

Ilẹ̀ Kétu ní àwọn ọ̀gá nínú iṣẹ́ yìí. Orúkọ Fágbìtẹ́ Asàmú àti ọmọ rẹ̀, Fálọlá Ẹdun, ti Idahin, wà nínú ìwé àwọn onímọ̀. Dúgà ti Mẹ́kọ náà ńkọ́? Ìlú rẹ̀ bọ́ sí ìhà Nàìjíríà nígbà tí àwọn òyìnbó fi ààlà pín ilẹ̀ Kétu ní 1889. Ayé mọ̀ ọ́n nítorí pé William Bascom, onímọ̀ ará Amẹ́ríkà, jókòó tì í, ó sì kọ nípa iṣẹ́ rẹ̀. Ọ̀pọ̀ àwọn yòókù kò rí irú ẹni bẹ́ẹ̀. Iṣẹ́ ọwọ́ wọn wà nínú ilé àkójọ ohun àtijọ́ ní ìlú òyìnbó, ohun tí wọ́n sì kọ sábẹ́ rẹ̀ ni pé a kò mọ ẹni tó gbẹ́ ẹ.

Àjọ UNESCO kéde Gẹ̀lẹ̀dẹ́ bí ohun àjogúnbá pàtàkì fún gbogbo ayé ní 2001, wọ́n sì fi í sínú ìwé àkọsílẹ̀ wọn ní 2008. Àjọ yìí kan náà kìlọ̀ pé ìmọ̀ iṣẹ́ náà ń dínkù, àti pé àwọn arìnrìn-àjò afẹ́ lè sọ ọ́ di ọjà títà lásán.

Ibi tí ọ̀rọ̀ wà gan-an nìyí. Òkìkí kì í kún ikùn. Bí a bá ná gbogbo owó ayẹyẹ wa sórí àgọ́, aṣọ ẹgbẹ́ àti ẹ̀rọ gbohùngbohùn, tí a kò ya nǹkan kan sọ́tọ̀ fún igi tuntun, àjòjì nìkan ni yóò máa ra iṣẹ́ agbẹ́gilére. Àjòjì kò sì ní bẹ̀ ẹ́ pé kó gbẹ́ ìṣòro Okpomèta.

Bẹ́ẹ̀ ìtàn pọ̀ nílẹ̀. Àwọn oníṣòwò wa kò tíì gbàgbé oṣù kẹjọ 2019, nígbà tí Nàìjíríà ti ẹnubodè. Àwọn ìyá ń yan gaàrí nínú èéfín. Àwọn ọ̀dọ́ ń fi oko sílẹ̀ lọ ṣe zemidjan ní Cotonou. Ta ni yóò gbé gbogbo èyí sórí igi, kí ọmọ ọmọ wa lè rí i?

Kí ìgbà ijó tó ń bọ̀ tó dé, kí ẹgbẹ́ tó bá lágbára lọ bá agbẹ́gilére, kí wọ́n sọ ìtàn tí wọ́n fẹ́ fún un, kí wọ́n sì san owó rẹ̀ pé. Fóònù wà lọ́wọ́ wa: ẹ ya igi náà ní fọ́tò, ẹ gba ohùn ẹni tó gbẹ́ ẹ sílẹ̀, ẹ kọ orúkọ rẹ̀ àti ọdún tó gbẹ́ ẹ sínú igi náà. Bí igi náà bá tilẹ̀ rìn dé ìlú òyìnbó lọ́la, orúkọ ẹni tó gbẹ́ ẹ yóò bá a lọ.