Xevious: Géèmù Tí Ilẹ̀ Ti Ń Sá Lábẹ́ Ọkọ̀

Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1983, ilé-iṣẹ́ Namco gbé géèmù kan tó ń jẹ́ Xevious lọ sí àwọn ilé eré nílẹ̀ Japan. Àpótí gíga ni, ó ní sikirínì, ọ̀pá ìdarí kan àti bọ́tìnì. Ẹni tó bá fẹ́ ṣeré á ju owó ẹyọ sí i, á sì di awakọ̀ òfurufú Solvalou. Ọkọ̀ náà á máa fò lórí igbó, odò àti aṣálẹ̀, títí kan àwòrán ẹyẹ ràgàjì lórí ilẹ̀, irú èyí tó wà ní Nazca lórílẹ̀-èdè Peru. Àwọn ọ̀tá á máa já bọ̀ lójú ọ̀run, àwọn mìíràn á sì ba sórí ilẹ̀. Masanobu Endo ló ṣètò géèmù yìí, ilé-iṣẹ́ Atari ló sì tà á ní Amẹ́ríkà. Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí géèmù ogun òfurufú ṣe ń ṣiṣẹ́, ibí yìí ló yẹ kó ti bẹ̀rẹ̀.

Ilẹ̀ ló ń rìn

Ọkọ̀ yẹn kò rìnrìn-àjò lọ síbì kankan. Ẹ lè darí rẹ̀ sọ́tùn-ún, sósì, síwájú àti sẹ́yìn, ṣùgbọ́n kò lè jáde nínú sikirínì. Ilẹ̀ ló ń sún láti òkè wá sísàlẹ̀, ojú wa ló sì ń sọ fún wa pé ọkọ̀ ló ń sáré.

Iṣẹ́ ńlá nìyí fún ẹ̀rọ ayé ìgbà náà. Sikirínì Xevious ní ẹyọ iná kéékèèké 224 ní ìbú àti 288 ní òró. Bí ẹ̀rọ bá ní láti kun gbogbo rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, ní nǹkan bí ìgbà 60 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, kò ní ráyè ṣe ohun mìíràn. Ohun tí wọ́n ṣe ni pé wọ́n gé ilẹ̀ sí táìlì, tí ọ̀kọ̀ọ̀kan jẹ́ ẹyọ iná 8 ní ìbú àti 8 ní òró. Táìlì 28 ló kún ìbú sikirínì, 36 ló kún òró rẹ̀. Táìlì igbó kan náà ni wọ́n ń tò léraléra títí yóò fi di igbó kìjikìji. Nípa bẹ́ẹ̀, nọ́ńbà táìlì ni ẹ̀rọ ń tọ́jú, kò nílò láti tọ́jú àwòrán ilẹ̀ lódindi.

Láti mú ilẹ̀ rìn, nọ́ńbà kan ni géèmù ń yí padà: èyí tó ń sọ ibi tí sikirínì yóò ti bẹ̀rẹ̀ sí í ka táìlì. Bí nọ́ńbà yẹn bá ti yí díẹ̀, gbogbo ilẹ̀ á sún. Bí ìlà táìlì kan bá ṣe ń wọlẹ̀ nísàlẹ̀, wọ́n á ti to ìlà tuntun sílẹ̀ lókè. Ọkọ̀, ọ̀tá àti ọta ìbọn jẹ́ àwòrán ọ̀tọ̀ tí ẹ̀rọ ń gbé lé ilẹ̀ lórí, wọ́n sì lè lọ síbi tó wù wọ́n láìba ilẹ̀ jẹ́. Ọpọlọ ẹ̀rọ mẹ́ta tó ń jẹ́ Z80 ló pín iṣẹ́ náà ṣe, ọ̀kan nínú wọn sì gbájú mọ́ ìró.

Ìbọn fún òkè, bọ́ǹbù fún ilẹ̀

Ohun ìjà méjì ló wà lọ́wọ́ ẹni tó ń ṣeré. Zapper ń yìnbọn lu àwọn ọ̀tá tó ń fò. Blaster ń ju bọ́ǹbù sí àwọn tó wà nílẹ̀. Ọwọ́ kan kò gbẹ́rù dórí: ẹni tó bá gbójú lé ọ̀kan ṣoṣo kò ní pẹ́ kú. Àmì ìfojúsùn kan wà níwájú ọkọ̀, tó ń bá a lọ síbi gbogbo. Bí ó bá gun orí ohun tó yẹ ká fọ́, á máa ṣẹ́jú. Ìgbà yẹn ló yẹ kí ẹ tẹ bọ́tìnì. Ẹni tó bá ju bọ́ǹbù dànù ní láti dúró kó balẹ̀ kó tó ju òmíràn, ilẹ̀ kò sì ní dúró dè é.

Ní tòótọ́, kò sí òkè, kò sí ilẹ̀ nínú ẹ̀rọ. Ohun kọ̀ọ̀kan ní nọ́ńbà méjì: ọ̀kan fún ìbú, ọ̀kan fún òró. Géèmù ń fi nọ́ńbà ọta wé ti àwọn tó ń fò, ó ń fi ti bọ́ǹbù wé ti àwọn tó wà nílẹ̀. Bí wọ́n bá súnmọ́ra tó, ọ̀tá fọ́. Andor Genesis yàtọ̀: ọkọ̀ ogun ńlá tó léfòó lójú ọ̀run ni, síbẹ̀ bọ́ǹbù tí ẹ bá jù sí àárín gbùngbùn rẹ̀ ló ń ṣẹ́gun rẹ̀.

Géèmù tó ń wo ọwọ́ ẹni

Bí a bá ṣe rìn ni à á koni. Bí ẹ bá ṣe mọ̀ ọ́n tó ni Xevious ṣe ń kó àwọn ọ̀tá tó le wá bá yín. Àwọn ilé kan wà nílẹ̀ tó ń jẹ́ Zolbak. Ẹni tó bá fọ́ wọn, agbára ọ̀tá á rọlẹ̀ díẹ̀. Agbègbè 16 ló wà. Ẹni tó bá kú lẹ́yìn tó ti rin ìdá 70 nínú ọgọ́rùn-ún agbègbè kan, èyí tó kàn ni yóò ti tún bẹ̀rẹ̀. Lẹ́yìn ìkẹrìndínlógún, ẹ ó padà sí ìkeje.

Endo tún ri ilé ìṣọ́ kan tó ń jẹ́ Sol mọ́ ilẹ̀. Bí bọ́ǹbù bá bọ́ síbi tí ẹnikẹ́ni kò rò, á yọ jáde. Irú àṣírí báyìí ló jẹ́ kí àwọn èèyàn máa sọ fún ara wọn ní Japan pé bí ẹ bá yìnbọn 256 lu Bacura, pátákó tó ń yí bírí, á fọ́. Irọ́ ni, ìbọn kankan kì í fọ́ ọ.

Lọ́dún 1984, ilé-iṣẹ́ Capcom gbé géèmù kan tó ń jẹ́ 1942 jáde, ilẹ̀ ń sún nínú tiẹ̀ náà. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tó ń kọ́ bí a ṣe ń ṣe géèmù, ẹ má dúró de ẹ̀rọ olówó ńlá. Ẹ to táìlì, ẹ mú un sún, ẹ fi nọ́ńbà méjì wé ara wọn. Ẹni tó bá mọ mẹ́ta yìí ṣe dáadáa ti mọ ìpìlẹ̀ iṣẹ́ náà.