Bí Ènìyàn Ṣe Ń Fi Ayé Ara Rẹ̀ Ṣe Fíìmù

Ross McElwee, ọmọ ìlú Charlotte ní North Carolina, gba owó ìrànwọ́ láti ṣe fíìmù nípa Sherman, ọ̀gágun tó kó ogun la gúúsù Amẹ́ríkà kọjá ní 1864. Kó tó bẹ̀rẹ̀, obìnrin tó ń fẹ́ já a sílẹ̀. Ó tọ ipa ọ̀nà ọ̀gágun náà lóòótọ́, àmọ́ ẹbí, ọ̀rẹ́ àti àwọn obìnrin tó bá pàdé lọ́nà ló kọjú kámẹ́rà sí. Fíìmù náà, Sherman's March, jáde ní 1986. Ó gba ẹ̀bùn tó ga jù fún dọkumẹ́ńtárì ní àjọ̀dún fíìmù Sundance lọ́dún tó tẹ̀ lé e.

Òun nìkan ló gbé kámẹ́rà, òun náà ló ń gba ohùn sílẹ̀. Owó nìkan kọ́ ló fà á. Bí àlejò márùn-ún bá kó iná wọ yàrá ìyá ẹni, ìyá kò ní sọ̀rọ̀ bó ṣe máa ń sọ ọ́. Nígbà náà, rólù fíìmù kan kì í ju nǹkan bí ìṣẹ́jú 11 lọ, ayàwòrán sì gbọ́dọ̀ fura sí ohun tó fẹ́ ṣẹlẹ̀ kó tó ṣẹlẹ̀. Fóònù òde òní lè yàwòrán látàárọ̀ dalẹ́. Ìgbà tí a bá ń gé e tí a ń tò ó ni ìyà rẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀.

Ẹni tó di kámẹ́rà mú kì í sábà hàn. Báwo la ṣe wá ń mọ̀ ọ́n? Ojú lọ̀rọ̀ wà: bí àwọn mìíràn ṣe ń wò ó ló ń tú u síta. Nínú Sherman's March, ọ̀rẹ́ rẹ̀ obìnrin kan tó ti kọ́ ọ níwèé rí ń bá a wí pé kó gbé fíìmù tì, pé ayé gan-an lèyí, kì í ṣe iṣẹ́ ọnà. Ìbínú obìnrin yìí jẹ́ ká rí ọkùnrin tó sá pamọ́ sẹ́yìn ẹ̀rọ.

Ẹ̀yìn ìgbà tí àwòrán ti wà nílẹ̀ ni ohùn tó ń sọ ìtàn ń wọlé. Nínú fíìmù rẹ̀ mìíràn, Time Indefinite (1993), McElwee kéde fún ẹbí rẹ̀ pé òun fẹ́ gbéyàwó; kí fíìmù tó parí, bàbá rẹ̀ ti kú. Àwòrán ọjọ́ ìkéde náà kò yí padà, ṣùgbọ́n a kò lè wò ó bíi ti tẹ́lẹ̀ mọ́. Ẹni tó yàwòrán kò mọ ohun tó ń bọ̀. Ẹni tó ń sọ̀tàn ti mọ̀ ọ́n. Àárín àwọn méjèèjì ni fíìmù náà wà.

Ayé ẹni kì í ṣe tẹni nìkan. Bí a bá ń ya ara wa, a ń ya ìyá, ọkọ, aya àti ọmọ. Nítorí náà, ẹni tó bá fẹ́ ṣe irú iṣẹ́ yìí, kó tètè máa yàwòrán, kó má kánjú kọ ọ̀rọ̀ tí yóò sọ lé e lórí, kó sì jẹ́ kí àwọn tó wà nínú rẹ̀ wò ó ṣáájú ará ìta. Bí ẹnìkan nínú wọn bá ní kó yọ nǹkan kan kúrò, kó fara balẹ̀ gbọ́ ọ.