Àyẹ̀wò Àṣẹ Ìlò Ètò Ìyàwòrán Lórí Ìsokọ́ra Kọ̀ǹpútà ní Ìlú Kàdúná

Nígbà tí Max Lock àti àwọn alábàáṣiṣẹ́ rẹ̀ gbé ìwé ètò ìdàgbàsókè ìlú Kàdúná jáde ní 1967, bébà, tàdáwà àti rúlà ni irinṣẹ́ ayàwòrán. Ẹni tí ó ti ra rúlà kò tún gbàṣẹ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni kí ó tó fi í fa ìlà. Ọ̀rọ̀ ètò kọ̀ǹpútà yàtọ̀. AutoCAD, tí ilé-iṣẹ́ Autodesk kọ́kọ́ gbé jáde ní 1982, kì í di ti ẹni tí ó rà á. Àṣẹ àtilò ó nìkan ni olúwarẹ̀ sanwó lé lórí.

Àṣẹ mìíràn so mọ́ ẹnìkan tàbí kọ̀ǹpútà kan. Ti ìsokọ́ra kò rí bẹ́ẹ̀: kọ̀ǹpútà kan ṣoṣo ni ó di gbogbo àṣẹ mú, tí ó sì ń pín in bí ìyá ẹgbẹ́ ṣe ń yá àwọn ọmọ ẹgbẹ́ ní àwo òde. Bí àṣẹ bá jẹ́ 20, ẹni kọkànlélógún yóò dúró títí ẹnìkan yóò fi dá tirẹ̀ padà. Láti 2020 ni Autodesk ti ń yí àwọn oníbàárà rẹ̀ sí àṣẹ olórúkọ ẹnìkọ̀ọ̀kan, ṣùgbọ́n SolidWorks àti irú rẹ̀ ṣì ń lo ti ìsokọ́ra.

FlexNet, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ FLEXlm tẹ́lẹ̀, ni ó sábà máa ń ṣe ìpín yìí. Bí alábòójútó bá tẹ àṣẹ «lmstat -a», yóò rí iye àṣẹ tí ó wà, iye tí ó wà lọ́wọ́ ènìyàn, orúkọ ẹni tí ó mú un, orúkọ kọ̀ǹpútà rẹ̀ àti àkókò tí ó gbà á. Àṣẹ tí awọnlẹ̀ kan yá sórí kọ̀ǹpútà àgbéléwọ́ lọ sí Zaria yóò hàn níbẹ̀ pẹ̀lú.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti le ni ti iná. Ní oṣù kẹwàá 2024, ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀ Àríwá, Kàdúná pẹ̀lú, wà nínú òkùnkùn fún ọjọ́ púpọ̀. Àìsí ààbò kò jẹ́ kí wọ́n tètè tún ọ̀nà iná Shiroro sí Mando ṣe. Bí iná bá lọ lójijì lórí kọ̀ǹpútà ayàwòrán, tí bátìrì sì gbé kọ̀ǹpútà olùpín àṣẹ dúró, olùpín kò ní tètè mọ̀ pé ẹni náà ti lọ. Orúkọ rẹ̀ lè wà níbẹ̀ fún nǹkan bí wákàtí méjì. Àwọn tí iná jẹnẹrétọ̀ gbà padà sídìí iṣẹ́ yóò wá gbọ́ pé àṣẹ ti tán, nígbà tí àga àwọn tí ó «di í mú» ṣófo. Alábòójútó lè fi «lmremove» gbà á padà.

Ọ́fíìsì tí kò bá yẹ̀ ẹ́ wò lè fi dọ́là ra àṣẹ tí kò nílò, tàbí kí ó yà sídìí ẹ̀dà olè. Òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́-ọpọlọ ti 1988 ti ka ètò kọ̀ǹpútà mọ́ ohun tí ó dáàbò bò, òfin ti 2022 tí ó rọ́pò rẹ̀ sì ń ṣe bẹ́ẹ̀. Àkókò tí àyẹ̀wò dára jù ni alẹ́, lẹ́yìn tí gbogbo òṣìṣẹ́ ti lọ sílé: orúkọ tí ó bá ṣẹ́ kù nígbà náà, ẹni tí ó yá àṣẹ lọ ni, tàbí ẹni tí kò pa ètò dé.