Ẹ JẸ́ KÁ MỌ̀: Iṣẹ́ ọjọ́ mẹ́ta tó di ọ̀sẹ̀ méjì

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ Ìlọrin tí ẹ ń kọ ètò kọ̀ǹpútà, ẹ̀ẹ̀melòó lẹ ti sọ fún ọ̀gá pé "ọjọ́ mẹ́ta ló máa gbà," tó wá di ọ̀sẹ̀ méjì?

Láti 1979 ni àwọn onímọ̀ ìrònú ẹ̀dá, Daniel Kahneman àti Amos Tversky, ti ṣàlàyé rẹ̀: bó ṣe wù wá la fi ń ka ọjọ́ iṣẹ́, a kì í wo bí irú rẹ̀ ṣe pẹ́ tó tẹ́lẹ̀. Bí iṣẹ́ bá wá pẹ́ ju ọjọ́ tí a dá lọ, àkókò ẹbí àti ọ̀rẹ́ la fi ń dí àlàfo náà. A ò lọ wòlímọ̀ mọ́. Bí wọ́n bá ti kírun Jímọ̀ tán, ilé ló kàn. Màmá pè, "màá pè yín padà" la sọ.

Ọ̀rọ̀ ńlá ni kéèyàn jìnnà sí ará o. Lọ́dún 2025, Àjọ Ìlera Àgbáyé ní ìdánìkanwà ń bá ẹnì kan fínra nínú ènìyàn mẹ́fà, ó sì ń dá kún ikú tó lé ní 871,000 lọ́dọọdún.

Fífi ènìyàn kún iṣẹ́ tó ti pẹ́ kì í sábà yanjú ẹ̀. Onímọ̀ kọ̀ǹpútà Fred Brooks kọ ọ́ ní 1975 pé bí ènìyàn bá ṣe ń pọ̀ ni ìbánisọ̀rọ̀ ń pọ̀: ẹni márùn-ún ní ọ̀nà ìbánisọ̀rọ̀ 10 láàárín ara wọn, ẹni mẹ́wàá ní 45.

Kí wá ni ṣíṣe? Lóṣù tó kọjá, iṣẹ́ tó jọ èyí tí ẹ fẹ́ ṣe, ọjọ́ mélòó ló gbà gan-an? Ibẹ̀ ni kí ẹ ti bẹ̀rẹ̀. Ẹ ka ìpàdé àti ìgbà tí iná lọ mọ́ ọn. Ọ̀sán Jímọ̀, ẹ yọ ọ́ kúrò kí ẹ tó ka ohunkóhun.

Bí ọkàn bá ń wúwo fún ọ̀sẹ̀ méjì gbáko, ẹ lọ rí dókítà ní ilé ìwòsàn Yunifásítì Ìlọrin (UITH).