Ṣé o mọ̀? Ọmọ Òkèmẹ̀sí tó fi àwàdà bá ìwà wí

Ṣé o mọ̀ pé kí aláwàdà Alexei Sayle àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ tó gba orí ìtàgé ilé àwàdà Comedy Store ní London ní 1979, tí wọ́n ń fi ẹ̀fẹ̀ tú àṣírí àwùjọ wọn, ọmọ Èkìtì kan ti ṣe irú rẹ̀ lọ́nà tirẹ̀? Kọ́lá Ògúnmọ́lá ni. Òkèmẹ̀sí ni wọ́n bí i sí ní 1925, ṣùgbọ́n ta ni yóò ní kí ará Ìkọ̀lé, Ọ̀yẹ́ tàbí Ìdó, àwọn ìlú Èkìtì mìíràn, má pè é ní tiwọn?

Tíṣà ni kó tó di eléré. Hubert Ògúndé, eléré bíi tirẹ̀, a máa dojú kọ ìjọba nínú eré rẹ̀. Inú ilé ni Ògúnmọ́lá ń wò ní tirẹ̀: ọkọ, ìyàwó, orogún, owó. Nínú eré rẹ̀ Ìfẹ́ Owó, ọkùnrin kan fẹ́ ìyàwó kejì, àṣé àpò rẹ̀ ni obìnrin náà fẹ́. Èèyàn á rẹ́rìn-ín títí kó tó fura pé òun gan-an ni wọ́n ń bá wí.

Ní 1962, owó ìrànwọ́ àjọ Rockefeller gbé e dé Yunifásítì Ìbàdàn. Ibẹ̀ ni eré rẹ̀ Lánkẹ́ Ọ̀mùtí ti jáde ní 1963, láti inú ìwé òǹkọ̀wé Amos Tutùọlá. Demas Nwoko ló ṣe ọ̀ṣọ́ ìtàgé. Ògúnmọ́lá fúnra rẹ̀ ló ṣe ọ̀mùtí náà, kò sì sí ipa mìíràn tó bá a mu tó bẹ́ẹ̀, lójú tèmi. Wọ́n gbé eré yìí dé Algiers ní 1969. Ògúnmọ́lá kú ní 1973, kò tíì pé àádọ́ta ọdún.